Ta Ló Ń Béèrè Àwẹ̀ró?

Ayọ̀ ẹlòmíràn lè pa ènìyàn. Ẹni tó bá ń jiyàn, ì bá ti gbọ́ ohùn Ìyá Làsísì lórí fóònù ní àárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun yẹn.

Aago mẹ́wàá ti kọjá díẹ̀. Wọ́n ti dá ẹ̀rọ dúró nílé iṣẹ́ bisikíìtì ní Ìlúpéjú kí àwọn òṣìṣẹ́ lè fi nǹkan panu fún ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ràbíátù ti fi páálí ṣe àga lẹ́yìn ilé ìkẹ́rùsí, ó ń fi búrẹ́dì jẹ ẹ̀wà. Fóònù dún. Ìyá Làsísì ni, àbúrò bàbá rẹ̀ obìnrin, tó ń gbé nínú agbo ilé wọn ní Ògbómọ̀ṣọ́. Ìyá náà ti lé lọ́gọ́rin ọdún. Etí rẹ̀ ọ̀tún ti di pátápátá, ti òsì sì máa ń gbọ́ kìkì ohun tó bá wù ú. Òun nìkan ló kù láyé tó ń fi oríkì pe Ràbíátù.

“Àwẹ̀ró! Àwẹ̀ró ọmọ mi! Ẹbí rẹ ń bọ̀ wá bá ọ o!”

“Ẹbí wo nìyẹn, Màmá?”

“Ọkùnrin kan ló wọlé wá lọ́jọ́ Jímọ̀, a ṣẹ̀ṣẹ̀ ti mọ́sáláṣí dé ni. Ó dọ̀bálẹ̀ fún mi gbalaja. Ó ní Àwẹ̀ró lòun ń wá, Àwẹ̀ró ọmọ àwọn tó lọ sí Sàró. Mo ní ta ni kí n sọ pé ó wá? Ó ní ẹbí lòun, ó ní kí n má wulẹ̀ béèrè orúkọ, òun fẹ́ kó bá ọ lójijì. Hẹ̀n-ẹ́n! Àwẹ̀ró ló ń pè ọ́ ṣáá, kò mẹ́nu kan Ràbíátù rárá. Ṣé ará ìta á mọ oríkì ọmọ ni? Mo bá fún un lóúnjẹ. Mo ní Ìlúpéjú lo wà, ilé iṣẹ́ tí wọ́n ti ń ṣe bisikíìtì, ẹ̀gbẹ́ ibi tí wọ́n ti ń tẹ̀wé. Kò tíì dé ọ̀dọ̀ rẹ ni?”

Ràbíátù gbé ẹ̀wà sílẹ̀.

“Màmá, báwo ló ṣe rí?”

“Ó tínínrín. Ó ń tiro díẹ̀. Yorùbá rẹ̀ ń dún bíi ti ẹni tó fi iṣu gbígbóná sẹ́nu. Ṣùgbọ́n wọ́n kọ́ ọ nílé o! Ọ̀tún ló fi jẹun, ọ̀tún ló fi gba omi, àpò ṣòkòtò ló ki ọwọ́ òsì bọ̀ títí tó fi lọ. O ò dúpẹ́ ni?”

“Mo dúpẹ́, Màmá. Ẹ ṣeun.”

Kí ni ì bá tún wí? Ta ni yóò bá arúgbó jà pé ó ṣe àlejò? Ó pa fóònù. Ó dìde, ó padà sídìí iṣẹ́.

Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti dúró sídìí bẹ́líìtì tó ń gbé bisikíìtì bọ̀ láti inú ààrò, kó máa ṣa èyí tó bá jóná tàbí tó bá kán dà nù. Ọdún kọkànlá rẹ̀ nìyí nídìí bẹ́líìtì náà, ojú rẹ̀ kò sì tàsé èyí tó jóná rí. Lọ́jọ́ náà, bisikíìtì dúdú ń kọjá níwájú rẹ̀, kò rí wọn. Màdáámù Moyọ̀sọ́lá, ọ̀gá wọn, ará Èkìtì tí kì í rẹ́rìn-ín lásán, wá dúró tì í. “Ràbíátù, kí ló dé? Ojú ẹ funfun bí ìyẹ̀fun.” Ràbíátù ní inú ló ń run òun.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí Ìlúpéjú kò mọ̀. Gbogbo ẹni tó mọ Ràbíátù níbẹ̀ ló gbà pé Gánà ló dàgbà sí. Irọ́ ni. Sàró ni wọ́n bí i sí, nínú ìlú Freetown, níbi tí bàbá rẹ̀, ará Ògbómọ̀ṣọ́ bíi ọ̀pọ̀ oníṣòwò Yorùbá ibẹ̀, ti ń ta páànù àti ìṣó. Nígbà tó pé ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún ni àwọn ọlọ̀tẹ̀ wọ ìlú náà lóṣù kìíní ọdún, wọ́n ń sun ilé, wọ́n ń gé ọwọ́ ènìyàn. Wọ́n pa bàbá rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Ìyá rẹ̀ ti òun àti àbúrò rẹ̀ kan ṣoṣo, Nùréènì, ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, gba ẹnu ọ̀nà ilé ìdáná jáde, ó sì fi ẹ̀yìn ara rẹ̀ ti ilẹ̀kùn náà kí wọ́n má baà rí ọ̀nà lé wọn. Kí wọ́n tó jáde, láti ojú fèrèsé ni Ràbíátù ti rí ọkùnrin tó kó àwọn ọlọ̀tẹ̀ náà wá. Kọ̀máńdà Fáyà ni wọ́n ń pè é. Ó ń rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn tí wọ́n jáde ló gbọ́ ìró ìbọn.

Láti ọjọ́ náà ni kò ti fojú kan Nùréènì mọ́. Ọdún márùn-ún ló fi wá a káàkiri àgọ́ àwọn tí ogun lé kúrò nílé, lẹ́yìn náà ló gbà pé ó ti kú.

Nígbà tí ogun parí, àwọn orílẹ̀-èdè àgbáyé gbé ilé ẹjọ́ kan kalẹ̀ láti dá ẹjọ́ àwọn tó ṣe olórí nínú ìwà ìkà náà. Fáyà wà lára wọn. Wọ́n bẹ Ràbíátù, ó lọ jẹ́rìí. Wọ́n fi aṣọ ìkélé bò ó kí àwọn tó wá wòran má baà rí ojú rẹ̀. Wọ́n fi ẹ̀rọ yí ohùn rẹ̀ padà, ó wá ń dún bí ìgbà tí ọ̀pọ̀lọ́ bá ń ké nínú agbada. Wọn kò pe orúkọ rẹ̀, Ẹlẹ́rìí Mọ́kànlélógójì ni wọ́n pè é. Yorùbá ló sọ, ògbufọ̀ sì ń túmọ̀ rẹ̀. Bó bá ti fẹ́ dárúkọ ẹnikẹ́ni tàbí àdúgbò kan, adájọ́ á gbé ọwọ́ sókè, wọ́n á sì pa á rẹ́ kúrò nínú ìwé. Wọ́n ní, “Ẹ fọkàn balẹ̀. Kò sẹ́ni tó máa mọ̀ yín láéláé.” Ó sì fọkàn balẹ̀. Wọ́n dá ẹ̀wọ̀n ọgbọ̀n ọdún fún Fáyà, wọ́n gbé e lọ sí òkè òkun, Ràbíátù sì wá fara pamọ́ sínú èrò Èkó. Yàrá kan ló gbà ní Agége. Kò fẹ́ ọkọ, nítorí pé ọkọ á fẹ́ mọ ìtàn ìyàwó rẹ̀.

Oṣù méjì ṣáájú ìpè Ìyá Làsísì ni fóònù kan wọlé láti ilẹ̀ òkèèrè. Obìnrin kan ló ń sọ̀rọ̀ bẹ̀lẹ́bẹ̀lẹ́. Ó ní òun ń pè láti ọ́fíìsì tó ń bójú tó àwọn ẹlẹ́rìí. Ó ní Fáyà ti lo ogún ọdún láti ìgbà tí wọ́n ti mú un, ó ti hùwà dáadáa lẹ́wọ̀n, wọ́n ti fún un láyè láti lọ lo èyí tó kù nílé. Ó ní Fáyà ti tọwọ́ bọ̀wé pé òun kò ní sún mọ́ ẹlẹ́rìí kankan. Bí ẹni ń sọ fún ewúrẹ́ pé kó má ṣèyọnu, àwọn ti bá ìkookò ṣàdéhùn.

Láti ọjọ́ náà ni Ràbíátù kì í ti í gba ọ̀nà kan náà lọ sílé lẹ́ẹ̀mejì. Ṣùgbọ́n ó ń tu ara rẹ̀ nínú. Ojú wo ni Fáyà fi rí òun? Orúkọ wo ló mọ̀? Ní báyìí, ẹnì kan láti Sàró ti lọ sí agbo ilé wọn ní Ògbómọ̀ṣọ́, oríkì rẹ̀ ló sì mú dání lọ.

Níbo ló ti gbọ́ ọ?

Nígbà tí wọ́n jáde níṣẹ́, ó dúró lẹ́nu ọ̀nà báńkì kan, ó mú fóònù, ó kọ Awero síbẹ̀, ó kọ orúkọ ìlú tí ilé ẹjọ́ náà wà, ó sì tẹ̀ ẹ́. Kò tó ìṣẹ́jú kan. Ìwé ẹjọ́ náà jáde síwájú rẹ̀, ojú ewé lórí ojú ewé, fún gbogbo ayé láti kà. Wọ́n ti fi dúdú pa orúkọ bàbá rẹ̀ àti orúkọ àdúgbò wọn rẹ́. Àmọ́ nísàlẹ̀ ojú ewé kan, lọ́yà bi í léèrè ohun tí ìyá rẹ̀ sọ kẹ́yìn. Ìdáhùn rẹ̀ wà níbẹ̀, kò sí ohun tó bò ó: Ó ní, Àwẹ̀ró, má bojú wẹ̀yìn.

Ìyẹn nìkan kọ́ ni ìyá rẹ̀ sọ, ṣùgbọ́n ìyẹn ni Ràbíátù sọ nílé ẹjọ́.

Ẹnu yà á, ó sì ń bínú, ṣùgbọ́n ta ni yóò bínú sí? Àwọn adájọ́ kò mọ̀ pé orúkọ ni. Ọmọ Yorùbá ni ògbufọ̀ ní tirẹ̀, ọmọ Yorùbá kan kì í ka oríkì mọ́ orúkọ inú ìwé. Ràbíátù ni orúkọ, òun ló wà nínú páásípọ́ọ̀tù. Àwẹ̀ró ni ohun tí ìyá fi ń gẹ ọmọ. Òun fúnra rẹ̀ tó sọ ọ́ kò fura. Ọdún méjìdínlógún ni ilẹ̀kùn fi ṣí sílẹ̀ gbayawu, tó sì ń sùn nínú ilé.

Ó pe ọ́fíìsì àwọn ẹlẹ́rìí. Ọkùnrin kan gbé e, ó ní òun gbọ́, òun á kọ ọ́ sílẹ̀, ẹni tó ń bójú tó agbègbè wọn á pè é padà láàárín ọjọ́ iṣẹ́ méjì. Ràbíátù ní, “Ẹni tó fẹ́ pa mí ti kúrò ní Ògbómọ̀ṣọ́ láti ọjọ́ Jímọ̀.” Ọkùnrin náà ní òun mọ̀ ọ́n lára, ó bi í bóyá ó ní ilé ìwòsàn tó lè lọ bí ọkàn rẹ̀ kò bá balẹ̀. Ó dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ilé ẹjọ́ ti kógbá sílé, ọ̀rọ̀ rere nìkan ló kù tí wọ́n ń pín.

Báàgì kan wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì rẹ̀ tí kò tú rí láti ìgbà tó ti dé Agége. Aṣọ mẹ́rin, bàtà kan, Kùránì ìyá àgbà rẹ̀, ìwé ẹ̀rí, oògùn ibà. Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, ó gbé báàgì náà dání lọ síbi iṣẹ́. Ó rò ó títí: ilé rẹ̀ kò ní ju kọ́kọ́rọ́ kan lọ, ṣùgbọ́n ilé iṣẹ́ ní géètì àti ẹ̀ṣọ́. Ó fẹ́ gba ìwé ìsinmi lọ́wọ́ Màdáámù Moyọ̀sọ́lá, kó wọkọ̀ lọ sí Kútọnu, kó tún di ẹlòmíràn níbẹ̀. Ìgbà kẹta nìyẹn tí yóò di ẹlòmíràn. Ó rẹ̀ ẹ́. Àyà rẹ̀ ń já bí ẹnikẹ́ni tó tínínrín bá kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, Èkó sì kún fún ọkùnrin tó tínínrín.

Ìwé ìsinmi kò tíì jáde nígbà tí Bàbá Sàláwù, ẹ̀ṣọ́ ẹnu géètì, yọ sí ìdí bẹ́líìtì pẹ̀lú ẹ̀rín lẹ́nu. Aago méjì ọ̀sán ku díẹ̀. Ará Ọ̀yọ́ ni Bàbá Sàláwù, ó fẹ́ràn láti máa yọ àwọn obìnrin lẹ́nu.

“Àṣé ìwọ ni Àwẹ̀ró! Ọdún mọ́kànlá tí mo ti ń yẹ báàgì ẹ wò, o ò jẹ́ kí n mọ̀! Àlejò ẹ wà ní géètì o. Mo ní a ò ní Àwẹ̀ró níbí. Ó ní obìnrin tó ń ṣa bisikíìtì ni, ará Ògbómọ̀ṣọ́. Mo ní ah, Ràbíátù nìyẹn! Mo ti fún un ní bẹ́ǹṣì mi kó jókòó. Ẹni tó mọ oríkì èèyàn, ẹni ẹni ni.”

Ràbíátù fà á lápá aṣọ. “Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ sọ fún un pé mi ò wá síbi iṣẹ́ lónìí.”

“Mo ti sọ fún un pé o wà.”

“Ẹ sọ fún un pé ẹ ṣì mí mú fún ẹlòmíràn!”

Ẹ̀rín kúrò lójú Bàbá Sàláwù. Ó lọ, ó tún padà dé. “Ó ní òun á dúró. Ó ní òun ti mọ bí wọ́n ṣe ń dúró.”

Ìgbà yẹn ni Ràbíátù fi bẹ́líìtì sílẹ̀, ó lọ bá Màdáámù Moyọ̀sọ́lá nínú ọ́fíìsì rẹ̀ tí kò tóbi ju àpótí lọ, ó sì sọ ohun tí kò sọ fún ẹnikẹ́ni rí. Kò sọ gbogbo rẹ̀. Ó sọ nípa Sàró, ilé ẹjọ́, Fáyà, ìwé orí íńtánẹ́ẹ̀tì.

“Ẹ gbà mí, Màdáámù. Ẹni tó wà ní géètì yẹn, wọ́n rán an láti pa mí ni.”

Màdáámù Moyọ̀sọ́lá kò béèrè bóyá ó dá a lójú. Ó yọ àwọ̀n tó fi di irun rẹ̀ kúrò lórí. “Gbé báàgì ẹ. Ọkọ̀ ìyẹ̀fun wà lẹ́yìn, ó ń já ẹrù lọ́wọ́, ó máa gba géètì ẹ̀yìn jáde. Lọ dúró tì í. Mo máa bá dẹ́rẹ́bà sọ̀rọ̀ kó gbé ẹ jù sí Òṣòdì. Ṣùgbọ́n mo fẹ́ kọ́kọ́ lọ wo ojú ẹ̀.”

“Ẹ má lọ! Ẹ ò mọ ohun tí wọ́n lè ṣe.”

“Lọ́sàn-án gangan, níwájú Sàláwù? Kó wá ṣe é.”

Ràbíátù dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ̀ ìyẹ̀fun náà. Àwọn aláàárù ń ru àpò kọjá, ìyẹ̀fun funfun bò wọ́n látorí dé àtẹ́lẹsẹ̀, wọ́n dà bí òkú tó dìde. Géètì ẹ̀yìn ti ṣí sílẹ̀ díẹ̀. Ó lè fẹsẹ̀ rìn jáde. Ó ń ka àpò tó kù nínú ọkọ̀: mẹ́tàlélógún, méjìlélógún. Gbogbo ìgbà tí ilẹ̀kùn ilé iṣẹ́ bá dún lẹ́yìn rẹ̀ ni ọkàn rẹ̀ ń fò. Ó ń rí Fáyà tó ń rẹ́rìn-ín lójú fèrèsé. Ó ń rí Màdáámù Moyọ̀sọ́lá nínú ẹ̀jẹ̀ lẹ́nu géètì, nítorí tirẹ̀. Àpò mẹ́jọ ló kù nígbà tí Màdáámù dé, tó ń mí hẹlẹ, tó mú bébà kan dání.

“Ó dákẹ́ ṣáá ni,” ó ní. “Mo ní kí ló fẹ́, ó ní kí n fún ẹ ní èyí. Ó ní bí o bá kà á, tí o sì ní kóun máa lọ, òun á lọ.”

Ìwé ẹjọ́ ni. Ojú ewé kan ṣoṣo, tí wọ́n tẹ̀ ní Computer Village, orúkọ ṣọ́ọ̀bù tó tẹ̀ ẹ́ wà nísàlẹ̀ rẹ̀. Ẹnì kan ti fi bírò pupa fa ìlà sábẹ́ gbólóhùn kan: Àwẹ̀ró, má bojú wẹ̀yìn.

Báàgì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. “Ẹ wò ó! Ẹ wò ó, Màdáámù! Ó ń sọ fún mi pé èmi ló kàn ni. Ọ̀rọ̀ tí ìyá mi sọ kí wọ́n tó pa á ló gbé wá fún mi.” Ó di dẹ́rẹ́bà lọ́wọ́ mú, ó ní kó jẹ́ kí wọ́n máa lọ, ẹrù tó kù kò jẹ́ nǹkan kan. Dẹ́rẹ́bà ń wo Màdáámù.

Màdáámù ti yí bébà náà sí ẹ̀yìn. “Dúró ná,” ó ní. “Ó kọ nǹkan síbí. Àbí kí lèyí?” Ó gbé e jìnnà sójú díẹ̀, ó kà á bí ọmọ iléèwé. “Di... Àjàgbé... mú. Di Àjàgbé mú. Ràbíátù, ta ni Àjàgbé?”

Ràbíátù jókòó sórí ilẹ̀ níbẹ̀, sínú ìyẹ̀fun.

Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Ohun tí ìyá rẹ̀ wí lẹ́nu ilẹ̀kùn ilé ìdáná lọ́jọ́ náà ni pé, “Àwẹ̀ró, má bojú wẹ̀yìn. Di Àjàgbé mú.” Àjàgbé ni oríkì Nùréènì. Apá kìíní nìkan ni Ràbíátù sọ nílé ẹjọ́. Kò sọ apá kejì fún lọ́yà, kò sọ ọ́ fún adájọ́, kò sọ ọ́ fún ẹnikẹ́ni, nítorí pé bó bá sọ ọ́, wọ́n á béèrè pé ṣé ó dì í mú. Ìyá rẹ̀ ti kú. Ènìyàn méjì ló gbọ́ gbólóhùn náà tó ṣì lè sọ ọ́ jáde, òun sì ni ọ̀kan.

Fáyà kò lè mọ̀ ọ́n.

“Àbúrò mi ni,” ó ní. Màdáámù Moyọ̀sọ́lá ké Jésù. Ó na ọwọ́ fà á dìde, ó ń gbọn ìyẹ̀fun kúrò lára rẹ̀, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń sunkún, ó ní kí ló tún ń dúró ṣe, kó sáré lọ! Ràbíátù gbé báàgì rẹ̀. Ẹsẹ̀ rẹ̀ kò yá. Ẹ̀rù tó gbé e dé ẹ̀yìn ọkọ̀ ìyẹ̀fun kò lọ, ojú ló yí padà. Láti àná ló ti ń bẹ̀rù ẹni tó fẹ́ pa á nítorí ohun tó sọ. Ní báyìí, ẹni tó wà ní géètì lè bi í léèrè ohun tí kò sọ.

Ọkùnrin náà dìde lórí bẹ́ǹṣì nígbà tó rí i. Ó tínínrín lóòótọ́. Ó ti ń hu ewú lẹ́bàá etí, ọmọ ọdún mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n. Ràbíátù wá ojú ọmọ ọdún mẹ́sàn-án nínú ojú náà, kò tètè rí i, àfi ìgbà tó fi eyín bu ètè ìsàlẹ̀ jẹ bó ti máa ń ṣe bí bàbá wọn bá fẹ́ nà án. Ó fẹ́ dọ̀bálẹ̀, ó yọ ọwọ́ òsì rẹ̀ nínú àpò láti fi gbé ara lé ilẹ̀. Ìka méjì kò sí níbẹ̀.

“Má dọ̀bálẹ̀,” Ràbíátù ní. “Jọ̀ọ́.”

Wọ́n wo ara wọn. Bàbá Sàláwù ní òun ń lọ wo nǹkan kan, ó sì lọ.

“Ẹ̀gbọ́n mi,” ọkùnrin náà ní. Yorùbá rẹ̀ ń ta lẹ́nu rẹ̀ bí ẹni tí kò lò ó fún ìgbà pípẹ́. “Ẹ má bínú pé mi ò dárúkọ fún ìyá tó wà nílé. Ẹ̀rù ló bà mí. Mo ní bí ẹ bá gbọ́ pé èmi ni, ẹ lè ní kí n má wá. Tíṣà kan ló ń ka ìwé ẹjọ́ yẹn fún wa ní gáréèjì tí mo ti ń ṣe mẹkáníìkì ní Freetown. Bó ti ka Àwẹ̀ró, mo sunkún. Mi ò wá gba nǹkan lọ́wọ́ yín. Ìbéèrè kan ló gbé mi wá.”

“Bi mí.”

“Lọ́jọ́ yẹn, lójú títì, ta ló tú ọwọ́ sílẹ̀?” Ó gbé ọwọ́ òsì náà sókè díẹ̀, ó ń wò ó. “Ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n ni mo ti ń rò pé èmi ni. Mo rò pé ọwọ́ mi ló yọ̀. Wọ́n mú mi, wọ́n kó ìbọn fún mi. Mo ṣe ohun tí wọ́n ní kí n ṣe, ẹ̀gbọ́n mi, mi ò lè sọ ọ́ fún yín. Gbogbo ìgbà tí mo bá ń ṣe é ni mo ń sọ fún ara mi pé èmi ni mo fà á, Màámi ní kí ẹ dì mí mú, èmi ni mi ò dì yín mú padà. Mo ní kí tíṣà ka ìwé yẹn dé òpin. Ẹ ò sọ ọ́.”

Irọ́ kan wà nílẹ̀ tó rọrùn. Ó kàn máa ní òun kò rántí. Ó kàn máa ní èéfín ni, ìdágìrì ni, kò sẹ́ni tó tú ọwọ́, Ọlọ́run ló ya àwọn. Yóò gbà á gbọ́. Yóò máa pè é ní ẹ̀gbọ́n títí ayé. Lọ́jọ́ tó jẹ́rìí, adájọ́ mẹ́ta jókòó síwájú rẹ̀, ó gbé ọwọ́ lé Kùránì, ó sì tún fi èyí pamọ́. Níbí, kò sí adájọ́. Kò sí aṣọ ìkélé láàárín àwọn méjèèjì, kò sí ẹ̀rọ tó máa yí ohùn rẹ̀ padà. Láyé rẹ̀, ẹ̀rù ò bà á tó báyìí rí, kódà lójú fèrèsé ọjọ́ náà.

“Èmi ni,” ó ní. “Ìgò ti gé ẹsẹ̀ rẹ, o ń sunkún, o ò lè sáré. Wọ́n ń bọ̀ lẹ́yìn. Mo la ọwọ́ mi. Ọwọ́ rẹ kò yọ̀, Àjàgbé. O dì mí mú gírígírí. Èmi ni mo já a.”

Ọkọ̀ ìyẹ̀fun fọn fèrè ní géètì ẹ̀yìn, ó ń jáde lọ. Nùréènì ń wo ilẹ̀, ètè rẹ̀ wà láàárín eyín, ó sì pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ tí Ràbíátù fi rò pé yóò yí padà máa lọ, kò sì ní dá a lẹ́bi. Èémí gígùn kan jáde lẹ́nu rẹ̀, bí ẹni tó sọ ẹrù kalẹ̀.

Ó wá na ọwọ́ òsì náà sí báàgì tó wà lọ́wọ́ rẹ̀, bí àbúrò ti í gba ẹrù lọ́wọ́ ẹ̀gbọ́n.

“Ẹ jẹ́ n bá yín gbé e,” ó ní. “Kí lẹ kó sínú ẹ̀ tó wúwo báyìí?”

Ràbíátù fẹ́ yọ̀ǹda báàgì náà fún un, ìka rẹ̀ kọ̀, kò lè là wọ́n. Nùréènì kò já a gbà. Ó fi ìka mẹ́ta tó kù fún un di etí kan báàgì náà mú, Ràbíátù di etí kejì, báyìí ni àwọn méjèèjì jọ gbé e lọ sí ibùdókọ̀.